Ṣé Fíìmù Lè Yí Alákatakítí Padà? Mo Fẹ́ Tún Ìdáhùn Mi Ṣe

Mo jẹ ẹnì kan ní gbèsè nínú yín, òní ni mo fẹ́ san án, mo sì fẹ́ kí gbogbo yín ṣe ẹlẹ́rìí.

Nígbà tí mo ṣì ń kọ́ni, akẹ́kọ̀ọ́ kan dìde ní kíláàsì ọdún kẹta, ó ní: "Ọ̀jọ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé fíìmù lè yí ẹni tó ti gbé ìkórìíra wọ̀ bí ẹ̀wù padà?" Mo dá a lóhùn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Mo ní, "Rárá o. Àwọn tó ti gbà tẹ́lẹ̀ ni fíìmù ń bá sọ̀rọ̀. Alákatakítí kì í jókòó wo ohun tí yóò bú u." Kíláàsì rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín, a sì kọjá sí ohun mìíràn. Èmi ò mọ̀ pé ọmọ náà ti pinnu lọ́kàn ara rẹ̀ pé dọkuméńtárì lòun fẹ́ máa ṣe. Ọ̀rọ̀ mi ọjọ́ yẹn ló jẹ́ kó gba iṣẹ́ báńkì. Oṣù tó kọjá ló tó sọ fún mi, nígbà tó wá kí mi nílé, tí a jọ jókòó wo fíìmù kan lórí kọ̀ǹpútà tó gbé wá. Kò fi ìbínú sọ ọ́. Ẹ̀rín ló ń rín. Ṣùgbọ́n ẹ̀rín yẹn dùn mí ju èébú lọ. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́, ṣebí bẹ́ẹ̀ la máa ń wí? Èmi wà lọ́jà, orí ọmọ wọ́, ọwọ́ mi gan-an ló sì ti í.

Nítorí náà, mo tún fíìmù yẹn wò lẹ́ẹ̀kejì, mo wò ó lẹ́ẹ̀kẹta. Mo tún lọ wá òmíràn tó ti dàgbà jù ú lọ. Ohun tí mo rí ni mo fẹ́ sọ.

Orúkọ fíìmù tí a jọ wò ni *White Right: Meeting the Enemy*. Deeyah Khan ló ṣe é, tẹlifíṣọ̀n ITV ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sì fi í hàn ní 2017. Norway ni wọ́n ti bí obìnrin yìí. Pakistan ni bàbá rẹ̀ ti wá, Afghanistan sì ni ti ìyá rẹ̀. Ìlú Gẹ̀ẹ́sì ló wá fi ṣe ibùgbé. Ní 2016, ó sọ lórí BBC pé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kò ní padà di ilẹ̀ aláwọ̀ funfun nìkan mọ́, pé kí gbogbo wọn kọ́ bí wọn yóò ṣe jọ máa gbé. Ọ̀rọ̀ ìwọ̀ntúnwọ̀nsì ni, ṣùgbọ́n íntánẹ́ẹ̀tì gbaná. Àwọn ènìyàn tí kò mọ̀ ọ́n rí kọ̀wé èébú sí i, àwọn kan ní àwọn yóò pa á.

Ẹlòmíì ìbá pa fóònù rẹ̀, kó wá ibi jókòó sí jẹ́ẹ́. Khan gbé kámẹ́rà, ó wọ bàálù lọ sí Amẹ́ríkà, ó ní òun fẹ́ fojú kan àwọn tó ń ronú bí àwọn tó kọ̀wé wọ̀nyẹn. Ó bá Jeff Schoep pàdé, ẹni tó ti ń darí ẹgbẹ́ Násì kan tí wọ́n ń pè ní National Socialist Movement láti 1994. Ó bá Jared Taylor àti Richard Spencer náà pàdé, àwọn ọ̀mọ̀wé inú wọn tó máa ń wọ kóòtù. Ó tẹ̀ lé àwọn ènìyàn Schoep lọ sí Charlottesville ní ìpínlẹ̀ Virginia, níbi tí àwọn ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ti péjọ ní 12 Oṣù Kẹjọ 2017, nítorí pé ìlú fẹ́ yọ ère Robert E. Lee, ọ̀gágun àwọn tó jà nítorí kí òwò ẹrú má baà parẹ́. Ọjọ́ yẹn ni ọ̀kan nínú wọn wa mọ́tò wọ àárín àwọn tó wá ta kò wọ́n. Ó pa obìnrin kan, Heather Heyer, ọmọ ọdún 32, ó sì ṣe ọ̀pọ̀ ènìyàn léṣe. Khan wà nínú ìlú náà tòun ti kámẹ́rà rẹ̀.

Kí n tó sọ ohun tí fíìmù náà ṣe, ẹ jẹ́ kí n rán yín létí ohun kan tí mo máa ń sọ ní kíláàsì, tí mi ò tíì kó jẹ. Kámẹ́rà kò ní ìwà tirẹ̀, ìwà ẹni tó gbé e ló ń hù. Àwọn alákatakítí ti mọ kámẹ́rà lò kí a tó bí púpọ̀ nínú wa. Ní 1934, Leni Riefenstahl lọ sí ìlú Nuremberg ní Jámánì, ó ya ìpéjọ ẹgbẹ́ Hitler. Fíìmù rẹ̀, *Triumph des Willens*, jáde ní 1935. Ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ni bàálù tó ń sọ̀ kalẹ̀ láti inú ìkùukùu, bí ẹni pé òrìṣà ló ń bọ̀ wá sáyé. Lẹ́yìn èyí, Riefenstahl gbé kámẹ́rà sí ìsàlẹ̀ kí Hitler lè ga. Ó gbé e sókè fíofío kí àwọn ènìyàn lè dà bí ìlà tí wọ́n fi rúlà fà. Ẹ wò ó dáadáa, ẹ ó rí i pé kò sẹ́ni tí wọ́n fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn ló wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ẹnì kan ṣoṣo tí a lè bá ṣọ̀rẹ́, kò sí ẹnì kan tí a gbọ́ bí ó ṣe ń rò ó. Ògo èrò ni gbogbo rẹ̀.

Mo rò pé ibẹ̀ gan-an ni àrùn náà wà, ibẹ̀ náà la ó sì ti wá oògùn. Inú èrò ni alákatakítí ń gbé. Láàárín èrò, kì í ronú kó tó sọ̀rọ̀. Ó ti há ọ̀rọ̀ sórí, èrò ló ń bá a gbè é. Bí a bá fẹ́ bá a jà pẹ̀lú kámẹ́rà, ohun àkọ́kọ́ tí a ó ṣe ni kí a mú un kúrò láàárín èrò, kí a gbé àga fún un, kí a jókòó tì í, kí ojú wa jọ wà ní ìpele kan náà. Lẹ́yìn náà ni kí a bi í ní ìbéèrè tí èrò kò jẹ́ bi í láyé.

Ohun tí Khan ṣe nìyẹn. Ó bá wọn jókòó nínú yàrá, ó wọ ọkọ̀ pẹ̀lú wọn. Ó bi wọ́n léèrè ìgbà èwe wọn, bí ayé ṣe rí fún wọn kí wọ́n tó dé ìdí Násì. Òun náà sọ tirẹ̀: bí wọ́n ṣe ń fojú burúkú wo àwọn ènìyàn bíi tirẹ̀ nígbà tó wà lọ́mọdé. Kò pariwo lé wọn lórí. Àwọn baba wa ní ohùn pẹ̀lẹ́ ló ń yọ obì lápò, ohùn líle ló ń yọ ọfà nínú apó. Àwọn ọkùnrin yìí ti gbáradì fún ọfà. Wọn kò gbáradì fún ẹni tó ń tọrọ obì.

Apá kan wà tí mo dá fíìmù dúró sí. Ọ̀kan nínú àwọn aláṣẹ ẹgbẹ́ náà ti mọ̀ ọ́n lára títí, ó ti ń bá a sọ̀rọ̀ bí ọ̀rẹ́. Khan wá bi í pé, tí ẹ̀yin bá gba ìjọba, tí ẹ ṣe ohun tí ẹ ń wí lórí pèpéle, ṣé ẹ ó lé èmi náà lọ? Ọkùnrin yìí ti sọ ọ́ fún èrò láìmọye ìgbà pé gbogbo irú obìnrin yìí ni yóò lọ. Ṣùgbọ́n obìnrin náà ló jókòó síwájú rẹ̀ yìí, ọ̀rọ̀ sì wúwo lẹ́nu rẹ̀. Ẹ ò rí i pé kò sí àríyànjiyàn níbẹ̀? Khan kò fún un ní ìtàn, kò fún un ní òǹkà. Ìlànà tí ọkùnrin náà fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ló ní kó kà sí òun létí, ohùn ọkùnrin náà sì kọ̀ láti kà á.

Ìdákẹ́jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni mo kà sí iṣẹ́ dọkuméńtárì. Ìwé ò lè ṣe é bẹ́ẹ̀. Èmi tí mo fi gbogbo ayé mi kọ̀wé ni mo wí. Bí mo bá kọ ọ́ sínú ìwé pé "ọkùnrin náà dákẹ́", ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré ni. Nínú fíìmù, ẹ ó rí ojú rẹ̀, ẹ ó rí ibi tí ó ń wò, ẹ ó fẹ́ẹ̀ lè ka iye ìgbà tó mí. Ẹni tó bá fẹ́ràn ẹgbẹ́ yẹn gan-an kò lè sọ pé wọ́n parọ́ mọ́ ọn.

Àmọ́ ẹ má jẹ̀ẹ́ kí a yin ẹ̀kọ tán ká má yẹ ewé rẹ̀ wò. Àga tí Khan gbé kalẹ̀ kò ṣiṣẹ́ fún gbogbo wọn bákan náà. Nígbà tí Taylor jókòó, àti Spencer, mi ò rí ọ̀rọ̀ tó wúwo lẹ́nu wọn. Yunifásítì Yale ni Taylor ti kàwé. Spencer ló sọ orúkọ "alt-right" di gbajúmọ̀. Àwọn wọ̀nyí kò wá ìdílé tàbí ọ̀rẹ́ lọ sínú ẹgbẹ́. Wọ́n wá ètí tí yóò gbọ́ wọn ni. Bí o bá gbé àga fún irú wọn, wọn á sọ ọ́ di àga ìwàásù. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ni wọ́n ń sọ̀rọ̀, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, gbólóhùn wọn sì ń dán. Fíìmù náà fún wọn láyè ju bó ṣe yẹ lọ, lójú tèmi. Ẹni tí ebi ẹgbẹ́ ń pa, inú rere lè tù ú. Ẹni tí ń ta oúnjẹ náà ńkọ́? Ìbéèrè mìíràn ni tirẹ̀ gbà, ìbéèrè tó le, tí a ti wá ìdí rẹ̀ kí a tó wọlé. Khan lo bọ́tìnnì kan fún ilẹ̀kùn méjì.

Ẹnì kan wà tó ti ń béèrè ìbéèrè tó le ṣáájú rẹ̀. Ará Íńdíà ni, Anand Patwardhan, fíìmù rẹ̀ sì ni *Ram Ke Naam*, ìyẹn "Ní Orúkọ Ráámà". 1992 ló jáde. Fún àwọn tí kò mọ̀ nípa ọ̀rọ̀ náà: ní ìlú Ayodhya, mọ́ṣáláṣí kan wà tí wọ́n ń pè ní Babri, tí wọ́n kọ́ ní 1528. Àwọn kan nínú ẹlẹ́sìn Híńdù sọ pé ojú ibẹ̀ gan-an ni wọ́n bí òrìṣà wọn, Ráámà, sí, nítorí náà kí wọ́n wó mọ́ṣáláṣí náà, kí wọ́n kọ́ tẹ́ńpìlì. Ní 1990, olóṣèlú pàtàkì kan, L. K. Advani, gun mọ́tò Toyota kan tí wọ́n ṣe lọ́ṣọ̀ọ́ bí kẹ̀kẹ́ ogun ayé àtijọ́, ó ń gba ìlú dé ìlú kọjá láti kó ènìyàn jọ fún ọ̀rọ̀ yìí. Ìjà ẹ̀sìn ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Patwardhan tẹ̀ lé ìrìn náà.

Òun náà fa ènìyàn yọ láàárín èrò. Ó bá àwọn ọ̀dọ́ tó ń lọ wó mọ́ṣáláṣí pàdé, ó bi wọ́n pé: ìgbà wo ni wọ́n bí Ráámà? Akẹ́kọ̀ọ́ òfin wà nínú wọn. Wọ́n wo ara wọn lójú. Wọn ò mọ̀.

Lákọ̀ọ́kọ́, mo rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni ara mi kò gbà á mọ́. Ṣé ìbéèrè yẹn tọ́? Bí ẹnì kan bá na kámẹ́rà sí èmi náà, tó bi mí ní ọdún tí Odùduwà dé Ifẹ̀, n ó dákẹ́ bíi tiwọn, síbẹ̀ Odùduwà kò ní tìtorí bẹ́ẹ̀ di irọ́ lójú mi. Ìgbàgbọ́ kì í ní déètì. Ó pẹ́ díẹ̀ kí n tó rí ìdáhùn sí àtakò ara mi. Èmi kò sọ pé nítorí Odùduwà, kí wọ́n wó ilé ìsìn aládùúgbò mi. Ẹni tó bá fẹ́ fi ìgbàgbọ́ jọ́sìn, kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ bi í léèrè ọdún. Ẹni tó bá fẹ́ fi ìgbàgbọ́ gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹlòmíràn ti sọ ọ́ di ẹjọ́ ilẹ̀, nínú ẹjọ́ ilẹ̀ sì rèé, a máa ń béèrè ìgbà, a máa ń béèrè ẹlẹ́rìí. Patwardhan kò fi Ráámà ṣe yẹ̀yẹ́. Ohun tí àwọn ọ̀dọ́ náà gbé dání lọ síbẹ̀ ló ní kí wọ́n yẹ̀ wò.

Ohun tó jẹ́ kí n mọ̀ pé kò fi ẹ̀sìn ṣe yẹ̀yẹ́ ni pé àwòrò Híńdù ló sọ ọ̀rọ̀ tó jinlẹ̀ jù nínú fíìmù náà. Laldas ni orúkọ rẹ̀. Ilé ẹjọ́ ló yàn án láti máa bójú tó ìsìn Ráámà níbi tí wọ́n ń jà sí gan-an. Ó jókòó, ó sọ̀rọ̀ tútù: owó àti ìbò ni àwọn tó ń dá wàhálà yìí sílẹ̀ ń wá, tọmọdé tàgbà ìlú náà ló ti ń gbé pọ̀ ní àlàáfíà tipẹ́. Ẹ tún rí àga náà níbí o, ṣùgbọ́n ẹni tó jókòó sórí rẹ̀ yàtọ̀. Khan gbé àga fún ọ̀tá. Patwardhan gbé àga fún ọ̀tá, ó tún gbé òmíràn fún ẹni tó wà nínú ilé kan náà pẹ̀lú ọ̀tá tó kọ̀ láti bá wọn lọ. Ẹ̀rí irú ẹni bẹ́ẹ̀ lágbára gan-an, nítorí alákatakítí máa ń wí pé gbogbo ènìyàn òun ló wà lẹ́yìn òun.

Ṣé fíìmù náà dá wọn dúró? Rárá. Ní 6 Oṣù Kejìlá 1992, èrò wó mọ́ṣáláṣí Babri lulẹ̀, nǹkan bí 2,000 ènìyàn ló sì kú nínú rògbòdìyàn tó tẹ̀ lé e. Ní 1993, wọ́n yìnbọn pa Laldas. Tẹlifíṣọ̀n ìjọba kọ̀ láti fi fíìmù náà hàn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìjọba kan náà ló fún un ní àmì-ẹ̀yẹ. Ilé ẹjọ́ ni Patwardhan gbà lọ kí wọ́n tó gbé e sáfẹ́fẹ́. Ní Oṣù Kìíní 2024, olórí ìjọba Íńdíà lọ ṣí tẹ́ńpìlì tuntun tí wọ́n kọ́ sójú ibẹ̀.

Bí mo bá fi ìdáhùn tí mo fún akẹ́kọ̀ọ́ mi wọn *Ram Ke Naam*, mo jàre nìyẹn. Fíìmù wà, mọ́ṣáláṣí wó. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ èyí ná. Ní oṣù Kìíní 2024 yẹn kan náà, àwọn kan kó ara wọn jọ ní Hyderabad láti wo fíìmù náà. Àwọn ọlọ́pàá dá a dúró, wọ́n sì mú ènìyàn. Ẹ rò ó wò: mọ́ṣáláṣí ti lọ, tẹ́ńpìlì ti dúró, ìjọba wà lọ́wọ́ àwọn tó ṣẹ́gun. Kí ló wá kù tí ẹ̀rù fíìmù tó ti lé ní 30 ọdún ń bà wọ́n? Ohun tó ń bà wọ́n lẹ́rù ni pé Laldas ṣì ń sọ̀rọ̀. Wọ́n pa á, ṣùgbọ́n ó ṣì jókòó sórí àga yẹn. Bí ẹnikẹ́ni bá ní gbogbo àwòrò ló fọwọ́ sí i nígbà náà, ohùn rẹ̀ yóò ní: èmi kò fọwọ́ sí i.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí Amẹ́ríkà, nítorí ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn fíìmù Khan ló fi ìdáhùn mi gbolẹ̀. Ọkùnrin kan wà nínú rẹ̀, Ken Parker, tó ti ṣe Ku Klux Klan kó tó wá ṣe Násì. Lẹ́yìn tí wọ́n ya fíìmù tán, ó ní ọ̀wọ̀ tí Khan fi bá òun lò kò kúrò lọ́kàn òun. Ó wá pàdé pásítọ̀ aláwọ̀ dúdú kan ládùúgbò rẹ̀. Ní 2018, pásítọ̀ yẹn ló ṣèrìbọmi fún un. Schoep pàápàá, olórí wọn, fi ẹgbẹ́ sílẹ̀ ní 2019. Ó sọ pé ìjókòó òun pẹ̀lú Khan, àti pẹ̀lú Daryl Davis, olórin aláwọ̀ dúdú tó ti ń bá àwọn Klan ṣọ̀rẹ́ tipẹ́, ló gbin iyèméjì sí òun lọ́kàn. Ẹ ò rí mi bí? Èmi ní alákatakítí kì í jókòó wo fíìmù. Mo gbàgbé pé kí fíìmù tó di fíìmù, ẹnì kan ti ní láti jókòó síwájú kámẹ́rà. Ojú àwọn òǹwòran nìkan ni mo ń wò. Ìdí ibi tí wọ́n ti ń ya fíìmù ni Schoep ti kọ́kọ́ mì.

Síbẹ̀, mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ìtàn ìrònúpìwàdà yìí ṣe àlọ́ tó parí sí ibi tó dùn. Ní Oṣù Kọkànlá 2021, ìgbìmọ̀ aráàlú ní ilé ẹjọ́ kan ní Charlottesville dá àwọn tó ṣètò ìpéjọ náà lẹ́bi nínú ẹjọ́ tí àwọn tó farapa pè. Gbogbo owó ìtanràn tí wọ́n bù fún wọn lé ní 25 mílíọ̀nù dọ́là. Schoep wà lára wọn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti fi ẹgbẹ́ sílẹ̀. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó yàgbẹ́ ló máa ń gbàgbé, ẹni tó kó o kò ní gbàgbé. Ìyípadà ọkàn dára, ṣùgbọ́n kò san gbèsè ẹni tí mọ́tò gbá.

Ibí ni ẹjọ́ mi tó tóbi jù pẹ̀lú Khan wà. Nínú fíìmù rẹ̀, a mọ ìgbà èwe àwọn ọkùnrin wọ̀nyí, a mọ ohun tó dùn wọ́n. Àwọn aláwọ̀ dúdú Charlottesville ńkọ́? Àwọn Júù tí wọ́n ń pariwo orúkọ wọn ní títì ńkọ́? Kò sẹ́ni tó gbé àga fún wọn tó bẹ́ẹ̀. Ẹrù ìwòsàn náà sì tún bọ́ sí ọrùn ẹni tí wọ́n kórìíra: obìnrin tí wọ́n fẹ́ pa ló tún ń lọ fi sùúrù àti ẹ̀rín kọ́ wọn pé ènìyàn lòun. Khan fúnra rẹ̀ ló yàn án, mo sì bọ̀wọ̀ fún ìgboyà rẹ̀. Ṣùgbọ́n a ò gbọdọ̀ sọ ọ́ di òfin pé bẹ́ẹ̀ ni kí gbogbo ẹni tí wọ́n ń fìyà jẹ máa ṣe.

Lórílẹ̀-èdè tiwa, ẹnì kan ti gbé àga sí ibòmíràn. Ẹ rántí pé 276 ọmọbìnrin ni Boko Haram jí kó ní Chibok ní 14 Oṣù Kẹrin 2014. Àwọn ajínigbé náà ní kámẹ́rà tiwọn. Inú fídíò ni Shekau ti dúró, tó ní òun yóò tà wọ́n lọ́jà, gbogbo ayé sì ń wo ojú rẹ̀. Joel Kachi Benson lọ sí Chibok, kò wá ojú Shekau lọ. Ìyá kan, olórí àwọn obìnrin ìlú náà, ló lọ jókòó tì, ó sì yà á ní irú fíìmù tí èèyàn ń fi awò ńlá bojú wò, tó jẹ́ pé bí o bá yí orí, inú àgbàlá obìnrin náà ni wàá bá ara rẹ. *Daughters of Chibok* ni orúkọ rẹ̀. Ó gba àmì-ẹ̀yẹ ní àjọ̀dún fíìmù Venice ní 2019. Ìyá náà kó aṣọ ọmọ rẹ̀ tí kò tíì padà pamọ́. Ó máa ń fọ̀ ọ́, ó ń ká a sílẹ̀ dè é. Shekau kò yọjú, síbẹ̀ mi ò rí ẹjọ́ kankan tí wọ́n rò mọ́ Boko Haram tó wúwo tó aṣọ fífọ̀ yẹn.

Ó dáa. Ìdáhùn mi rèé, mo ti tún un ṣe. Ìwọ ọmọ mi tó béèrè, mo mọ̀ pé ò ń kà á.

O bi mí bóyá fíìmù lè yí alákatakítí padà. Ènìyàn ló ń yí ènìyàn padà, nígbà tó bá wù ú kó yí. Fíìmù lè gbé àga fún àwọn méjèèjì, kó sì jẹ́ kí àwa tó kù rí ohun tó ṣẹlẹ̀. Àga mẹ́ta ni mo rí. Àkọ́kọ́ wà fún ọ̀tá, kí a lè bi í ní ohun tí èrò kì í bi í. Èkejì wà fún ará ilé ọ̀tá tó kọ̀ láti bá wọn lọ, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ lọ́la pé kò sí irú rẹ̀. Ẹ̀kẹta wà fún ẹni tí wọ́n ṣe níbi, kí ìtàn má baà jẹ́ ti aṣebi nìkan. Khan mọ àkọ́kọ́ lò ju ẹnikẹ́ni tí mo mọ̀ lọ. Patwardhan lo àkọ́kọ́ àti èkejì. Benson lọ tààrà sí ẹ̀kẹta. Bí fíìmù kan ò bá yí ẹnikẹ́ni padà, kí ó ṣáà ti ṣe ẹlẹ́rìí, nítorí mọ́ṣáláṣí lè wó kí ẹ̀rí ṣì dúró. Èyí ló yẹ kí n ti sọ ní kíláàsì ọjọ́ náà, dípò ẹ̀rín tí mo rín.

Kí ọmọ yìí tó lọ lọ́jọ́ náà, ó sọ pé òun ti ra kámẹ́rà kékeré kan, òun ń fi ìparí ọ̀sẹ̀ kọ́ bí wọ́n ṣe ń lò ó. Mo bá àkókò ìbò tó kọjá nílẹ̀ wa rántí, bí àwọn ohùn ìkórìíra ẹ̀yà ṣe ń fò káàkiri lórí WhatsApp láàárín àwọn tó jọ ń ra ata lọ́wọ́ ìyá kan náà. Mo ní ṣé ìyẹn ló fẹ́ yà? Ó ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó wá bi mí: "Ọ̀jọ̀gbọ́n, nínú gbogbo àwọn ènìyàn yìí, ta ni kí n kọ́kọ́ gbé àga fún?"

Mo ní kó fún mi ní ọjọ́ díẹ̀ kí n rò ó. Ìdáhùn tí mo bá kánjú fọ̀ lójú ọmọ yìí, mo ti rí ibi tó gbé wa dé. Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á, tí ẹ bá ní ohun tí ẹ rò sí i, ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ sí mi. N ó kó gbogbo rẹ̀ fún un.

Ire o.